Bí Àpáta Ṣe Di Akómọyọ ní Ìdó-Àjànà

Ní ọdún tí àwọn akónilẹ́rú fi ẹṣin kó ìletò mẹ́ta láàárín oṣù kan, kò sí abiyamọ kan ní Ìdó-Àjànà tí ó fi ọkàn balẹ̀ sùn. Gbogbo ará ìlú ló mọ ohun tí wọn yóò ṣe bí wọ́n bá gbọ́ igbe ogun: inú igbó etídò ni wọn yóò sá sí, bí àwọn baba wọn ti ń ṣe. Àwọn ọ̀tá náà sì ti mọ̀ bẹ́ẹ̀. Inú igbó yẹn gan-an ni wọ́n ń fara pamọ́ sí, tí wọ́n á máa retí àwọn ọmọdé tó ń sá bọ̀ wá bá wọn.

Lọ́jọ́ tí ọ̀rọ̀ kan Ìdó-Àjànà, àwọn ọkùnrin wà lóko. Ẹfúnyẹmí, ìyàwó kékeré ilé Adégoróyè, obìnrin pẹ́lẹ́ńgẹ́ tí ohùn rẹ̀ ń dún dé òdìkejì odò, ẹlẹ́sẹ̀ líle tí ń gun òkè bí ewúrẹ́, nìkan ló wà lórí àpáta ńlá ẹ̀yìn ìlú, níbi tí gbogbo obìnrin ń sá èlùbọ́ sí. Láti òkè yẹn ló ti rí orí ẹṣin láàárín ewé igbó etídò. Ó la ẹnu láti ké “Ogun!”, ó sì tún pa á dé. Bí ó bá ké e, òun fúnra rẹ̀ ni yóò lé àwọn ọmọ ìlú lọ bá ọ̀tá. Ó wá ké ohun kan ṣoṣo tí í mú gbogbo ilé sáré gòkè láìbéèrè.

“Òjò o! Òjò ń bọ̀ o! Ẹ wá kó èlùbọ́ o!”

Tọmọdé tàgbà ló gbé agbọ̀n, nítorí bí èlùbọ́ bá tutù, ebi dé nìyẹn. Ìyáálé rẹ̀ ló kọ́kọ́ dé, ó ń mí hẹlẹhẹlẹ.

“Ìyàwó, òjò wo? Ojú ọ̀run mọ́ bí àwo tí ajá lá! Àbí oorun ló ń kùn ọ́?”

Ẹfúnyẹmí nawọ́ sí igbó. “Ẹ jókòó ná kí ẹ tó bú mi, ìyáálé mi. Ọmọ mi dà?”

Ìyáálé wo etídò, ojú rẹ̀ yí padà. “Ó ń sùn nílé. Ta ní í jí ọmọ nítorí èlùbọ́? Jẹ́ kí n lọ gbé e. Èmi ni mo fi í sílẹ̀.”

“Orúnkún ń dùn yín. Ẹ to òkúta sí etí àpáta. Bí wọ́n bá mú mi, ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ sọ̀ kalẹ̀. Ẹ kó àwọn ọmọ sẹ́yìn yín, kí ẹ sì máa yí òkúta.”

Ó gbé agbọ̀n òfìfo rù, ó rọra ń rìn lọ bí ẹni tó gbàgbé nǹkan sílé, kí ọ̀tá má baà fura. Ó bá ọmọ lórí ẹní, ó pọ̀n ọ́n, ó tún rọra ń padà bọ̀. Ẹsẹ̀ àpáta ló dé tí ọmọ fi bú sẹ́kún, tí àwọn ẹlẹ́ṣin sì já jáde. Nígbà náà ló tó sáré. Pátákò ẹṣin ń yọ̀ lórí òkúta dídán, ẹṣin ń ṣubú lu ẹṣin. Àwọn tó fi ẹsẹ̀ gun àpáta bá òkúta àwọn obìnrin pàdé. Kí wọ́n tó gbéra nílẹ̀, àwọn ọkùnrin ti gbọ́ ariwo, wọ́n ti fi ọfà dé láti oko. Àwọn akónilẹ́rú sá, wọn kò sì padà wá mọ́.

Àwọn àgbà fẹ́ fi orúkọ Ẹfúnyẹmí pe ìlú, ṣùgbọ́n ó kọ̀. “Irọ́ òjò lásán ni mo pa. Àpáta yìí ló kó ọmọ wa yọ.”

“Akómọyọ ni ká máa pè é nígbà náà,” ni ìyáálé rẹ̀ dáhùn, “ṣùgbọ́n ìyàwó mi kò tún gbọdọ̀ rán mi níṣẹ́ mọ́ o!” Gbogbo wọn bú sẹ́rìn-ín.

Láti ìgbà náà, ní Ìdó-Àjànà, gbogbo òkúta tó bá tóbi tó ohun tí ènìyàn ń gùn ni wọ́n ń pè ní akómọyọ. Bí abiyamọ tuntun bá sì kọ́kọ́ jáde síta, ìyáálé ilé fúnra rẹ̀ ni í gbé ọmọ gun àpáta ẹ̀yìn ìlú. Yóò tẹ́ aṣọ sórí òkúta tí oòrùn ti mú lọ́wọ́ọ́rọ́, yóò tẹ́ ọmọ sórí rẹ̀, ìyá yóò sì jókòó tì í títí tí yóò fi sùn tí yóò sì jí fúnra rẹ̀. Kò sí ẹni tí í kán wọn lójú.