Odò Àwẹ̀yè Gba Ìjókòó

"Omi ò lẹ́nu. Ta ni yóò wá bá a pè mí lẹ́jọ́?" Àjíún aláró ló wí bẹ́ẹ̀, ó sì da ìdọ̀tí ìkòkò aró méje sódò lẹ́ẹ̀kan náà. Ẹ má tíì rẹ́rìn-ín.

Ó-ti-rẹ̀-mí-oorun-ò-kùn-mí, Mo-fẹ́-sinmi-wọn-ò-fún-mi-níjókòó, àwọn ló dífá fún Odò Àwẹ̀yè, nígbà tó ń fi omi ojú kún omi rẹ̀. Ó ti rẹ̀ ẹ́. Ẹja inú rẹ̀ ń kú. Ó ní ṣé òun á tún mọ́ láyé yìí, àbí kí òun kúkú gbẹ?

Wọ́n ní kó rúbọ: ẹyẹlé méjì àti àpótí ìjókòó kan. Wọ́n ní kó wá ẹni tí yóò ṣe ẹnu fún un. Wọ́n ní kí Àjíún náà rúbọ, kó gbẹ́ kòtò fún aró rẹ̀. Àjíún ní, "Ẹ jẹ́ kí ẹyẹlé máa fò ní tiwọn." Odò gbọ́, ó rú. Ó yan Ẹfúnyalé amọ̀kòkò, tó ń wa amọ̀ létí rẹ̀, òun ló sì gbé ẹjọ́ odò lọ bá Baálẹ̀.

Ṣùgbọ́n òfin ìlú ni pé ènìyàn nìkan ní í pe ènìyàn lẹ́jọ́. Odò kò sì lè rìn dé ààfin. Baálẹ̀ mí kanlẹ̀, ó kó àwọn ìjòyè lọ sétí omi. Wọ́n gbé àpótí ẹbọ náà sínú odò. Kò sẹ́ni tó jókòó lé e.

Àjíún pẹ́ kó tó dé. Bó ti rí àwọn àgbà ní ìjókòó, orúnkún rẹ̀ kanlẹ̀ kí orí rẹ̀ tó rò ó.

"Ẹ kú ìjókòó o, ẹ̀yin bàbá wa." Ó yíjú sí àpótí inú omi. "Ẹ kú ìjókòó o, Ìyá mi."

Ẹfúnyalé pàtẹ́wọ́. "Ìyá ta ni, Àjíún?"

"Háà! Mo kàn kí wọn ni!"

"Ṣé bó o ṣe ń kí ìkòkò aró rẹ nìyẹn?"

"Ta ní í kí ìkòkò?"

Baálẹ̀ ní, "Ó parí. Ẹni tí a kúnlẹ̀ kí, ènìyàn ni. Láti òní lọ, ẹni tó bá da aró sódò, yàrá ìyá onílé ló dà á sí."

Àjíún gbẹ́ kòtò méje nínú oòrùn ọ̀sán. Omi mọ́, ẹja padà. Odò ní bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni àwọn awo òun wí. Ó gbọ́ ẹbọ, ó rú u, ire bá a nílé. Ẹni tó kọtí sí ìmọ̀ràn, èjìká rẹ̀ ló fi kọ́gbọ́n.

Ìlú jó lọ́jọ́ tí omi mọ́ títí ẹrẹ̀ fi dé orúnkún wọn. Gbogbo wọn wá tò sétí omi láti fọ ẹsẹ̀.

Baálẹ̀ ní, "Ẹ ò tíì bi Ìyá léèrè."