Ìdí Erin Kò Sí Nínú Ìṣirò

Ààlọ́ o!
Ààlọ̀!

Àlọ́ mi kọsẹ̀ lára búlọ́ọ̀kù, ó ṣubú lé ìdí Erin. Àjíbíkẹ́, má tíì rẹ́rìn-ín, n ò tíì dé ibi ẹ̀rín.

Òjò ń bọ̀, Erin fẹ́ kọ́lé. Ó pe Ikán, bíríkìlà, pé kó wá ṣírò ohun tí ilé máa gbà. Ikán fi okùn wọn ìdí Erin. Ó ní, "Olóyè, ìdí yìí nìkan á jẹ ẹgbẹ̀rún búlọ́ọ̀kù."

Inú bí Erin. "Ìdí ta ni?" Ó lé e dànù.

Ó pe Ẹ̀gà, tó mọ ìtẹ́ hun. Ẹ̀gà fò yí ìdí náà ká títí ó fi rẹ̀ ẹ́. "Ẹgbẹ̀rún, ó lé díẹ̀." Erin lé òun náà.

Ẹ̀ẹ̀kẹta, ó pe Òkété. Òkété ò wo ẹ̀yìn Erin rárá, ojú ló ń wò. "Olóyè, ẹ mà rí pẹ́lẹ́ńgẹ́ o! Ọgọ́rùn-ún ti tó." Erin rẹ́rìn-ín títí, ó gbé iṣẹ́ fún un.

Lọ́jọ́ tí Erin fẹ́ wọlé, orí wọlé, èjìká wọlé, ìdí há pinpin sẹ́nu ọ̀nà. Òjò dé. Òkété ti wọ ihò lọ. Ẹ gbè é:

Ta ló wọn ìdí Erin?
Rìbìtì!
Òkété ò wọn ìdí Erin.
Rìbìtì!
Òjò ń pa ìdí Erin.
Rìbìtì!

Erin kígbe pe Ikán. Ikán dé, ó yọ okùn rẹ̀. "Olóyè, ẹgbẹ̀rún ni mo sọ tẹ́lẹ̀. Ẹ jẹ́ kí n fi ti ògiri tí a máa wó kún un."

Erin dáhùn jẹ́jẹ́ láti inú yàrá: "Wọ̀n ọ́n dáadáa."

Bí mo bá purọ́, kí ìdí tèmi náà há.