Igbá Tí Wọ́n Fá Lórí

Bí àgbà bá ní, "A kì í fá orí lẹ́yìn olórí," ọmọdé á rẹ́rìn-ín. Ta ló fẹ́ fá a? Ṣé olórí á gbé orí kalẹ̀ fún onígbàjámọ̀ kó tó gba oko lọ ni? Èmi náà máa ń rẹ́rìn-ín tẹ́lẹ̀. Ṣùgbọ́n láìpẹ́ yìí, báńkì tí ẹ̀gbọ́n mi ti fẹ̀yìn tì dá a lẹ́bi nígbà tó jókòó sílé, tí kò tilẹ̀ mọ̀ pé ẹjọ́ wà nílẹ̀. Ẹ̀rín ò wá mọ́. Ó rẹ̀ mí ni. Ẹ jẹ́ n kúkú sọ bí òwe náà ṣe bẹ̀rẹ̀.

Kí báńkì tó dé rárá, àwọn oníṣòwò ìlú kan ní ilé tí wọ́n ń kó owó ẹyọ pamọ́ sí. Bàbá Àkànjí ló ṣọ́ ọ títí irun rẹ̀ fi funfun. Àṣà wọn ni pé bí olùṣọ́ bá fẹ̀yìn tì, wọn á fá orí rẹ̀, wọn á dá òṣù irun kan sí láàárín. Ẹni tó bá ní òṣù yìí, ilé owó ni yóò máa bọ́ ọ, àwọn oníṣòwò ni yóò sì sin ín bó bá kú. Bí wọ́n bá gbọ́ pé ó jalè, wọn á fá òṣù náà dànù lójú ọjà. Àkànjí ò bímọ. Òṣù yẹn nìkan ló gbójú lé.

Ó kó lọ sí oko rẹ̀ ní Òkè-Àgbọn, tí gbogbo ìlú ń pè ní Òkè. Látúnjí, tí kò ṣiṣẹ́ nílé owó rí, ló gba ipò rẹ̀. Lọ́jọ́ tí Àkànjí ń fa ilé lé e lọ́wọ́, ó ní, "Ikán ń yọ yàrá ẹ̀yìn lẹ́nu. Mo ti kó àwọn ọ̀kẹ́ owó ibẹ̀ lọ sókè o."

"Ó dáa, bàbá," ni Látúnjí wí. Ìdí ẹmu ìdágbére lọkàn rẹ̀ wà.

Nígbà tó yá, wọ́n ṣí yàrá ẹ̀yìn, ó ṣófo. Pàràkòyí, olórí àwọn oníṣòwò, pe ìgbìmọ̀ jọ.

"Látúnjí, kí ni Àkànjí wí fún ọ?"

"Ó ní òun ti kó wọn lọ sókè."

"Òkè! Oko rẹ̀! Ẹ ò rí ayé? Olè tún ń dágbére!"

Ìyá Efúnyẹmí, obìnrin kan ṣoṣo nínú ìgbìmọ̀, ní, "Ẹ jẹ́ ká ránṣẹ́ pè é. Ká gbọ́ tẹnu rẹ̀."

Pàràkòyí yán. "Ìyá, ọ̀nà jìn, òjò ń rọ̀. Láti àárọ̀ la ti wà níbí. Kí ló tún fẹ́ sọ? Ó ti sọ ọ́ tán."

"Kò sọ ọ́ fún wa."

"Ìyá, ó ti rẹ̀ wá."

Òótọ́ ni, ó rẹ̀ wọ́n, ebi sì ń pa wọ́n. Bí wọ́n ṣe dá Àkànjí lẹ́bi nìyẹn. Èmi ò rò pé ìkà ni wọ́n. Ilé ni wọ́n fẹ́ lọ.

Ṣùgbọ́n ọjọ́ tí wọ́n bá dájọ́ ni òṣù gbọ́dọ̀ kúrò lórí, orí sì wà lóko. Pàràkòyí bá ní kí wọ́n gbé igbá kan wá, kí wọ́n dojú rẹ̀ bolẹ̀. Wọ́n fi oje igi lẹ irun ewúrẹ́ mọ́ ọn láàárín, wọ́n pe onígbàjámọ̀.

"Orí ta ni mo fẹ́ fá?"

"Orí Àkànjí."

"Ó dáa. Ẹ sọ fún un kó tẹrí ba díẹ̀."

Ọjà bú sẹ́rìn-ín. Ó fá igbá náà, ó kó abẹ rẹ̀, ó lọ.

Nígbà tí Àkànjí wá gba oúnjẹ rẹ̀, ó ti rìn títí ẹsẹ̀ rẹ̀ wú. Látúnjí dúró sẹ́nu ọ̀nà. "Bàbá, ẹ má wọlé. Wọ́n ti fá orí yín."

Àkànjí ṣí fìlà, ó fọwọ́ kan òṣù rẹ̀. "Orí mi rèé. Orí ta lẹ wá fá?"

Èrò pé jọ, onígbàjámọ̀ náà gbé àpótí rẹ̀ dé, wọ́n sì gbé igbá tí wọ́n fá wá fi han Àkànjí. Pàràkòyí dé. "Àkànjí, ọ̀kẹ́ owó wa dà?"

"Mo ní mo kó wọn sókè."

"Òkè náà la wí!"

Àkànjí gbé ọ̀pá rẹ̀ sókè, ó fi gbá àjà ilé. "Òkè ilé ńkọ́? Àjà yìí là ń pè lókè níbí látayébáyé. Ẹ ò bi mí!"

Látúnjí gun àjà. Gbogbo ọ̀kẹ́ náà wà níbẹ̀, eruku bò wọ́n.

Pàràkòyí dọ̀bálẹ̀. "Bàbá, ẹ foríjì wá. Òṣù yín ṣì wà lórí yín. A ò tíì fá nǹkan kan."

"Ẹ ti fá a. Gbogbo ọjà ló rí i." Àkànjí jókòó sórí àpótí onígbàjámọ̀. "Wá fá a dáadáa. Olórí ti dé báyìí."

Onígbàjámọ̀ mú abẹ, ó fá a. Nígbà tí òṣù bọ́ sílẹ̀, Àkànjí ṣà á sínú igbá yẹn, ó gbé e fún Pàràkòyí. "Òun ni kẹ́ ẹ máa bọ́. Bó bá kú, ẹ sin ín."

Ó padà sóko. Àwọn ará oko ló sin ín.

Láti ìgbà náà, bí àárẹ̀ bá mú ìgbìmọ̀, tí wọ́n fẹ́ dá ẹjọ́ ẹni tí kò sí níbẹ̀, Ìyá Efúnyẹmí kì í bá wọn jiyàn mọ́. Á gbé igbá náà síwájú wọn, wọn á rí irun funfun tó wà nínú rẹ̀, wọn á sì ránṣẹ́. A kì í fá orí lẹ́yìn olórí.