Àwọn Àgùntàn Tó Ń Sáré Pàdé Baálé

Ọkùnrin kan wà tí inú rẹ̀ máa ń dùn bí àgùntàn bá sáré pàdé rẹ̀. Oko rẹ̀ jìnnà sílé. Nígbà míràn a máa lo ọ̀sẹ̀ méjì níbẹ̀, nígbà míràn oṣù kan. Bó bá dé, ilé àgùntàn ni yóò kọ́kọ́ yà sí. Yóò gbé apẹ̀rẹ̀ èèpo gbágùúdá dání, yóò pè wọ́n lẹ́ẹ̀kan, yóò sì ṣílẹ̀kùn. Gbogbo wọn a tú jáde pọ̀. A máa rẹ́rìn-ín, a ní ta ló tún rí irú ìfẹ́ báyìí rí.

Abo kan wà nínú wọn, ìran àgùntàn tí ìyá ọkùnrin náà fi sílẹ̀ fún un nígbà tó kú. Òun nìkan ló kù nínú ìran náà. Ẹ̀ẹ̀mẹta ló lóyún, ẹ̀ẹ̀mẹta ni oyún náà wálẹ̀. Ó sì ti ń dàgbà. Bí kò bá bí, ohun tí ìyá náà fọwọ́ ara rẹ̀ sìn parí nìyẹn.

Ọkùnrin náà pe dókítà ẹran. Dókítà bi í bóyá ó ń fún wọn ní èèpo tó ti bu, bóyá ó ra ẹran tuntun lọ́jà tó sì dà á mọ́ wọn lọ́jọ́ náà, bóyá àgbò ń fi ìwo kàn àwọn tó lóyún. Ó yẹ ẹ̀jẹ̀ wọn wò, kò rí àrùn. Ọkùnrin náà ya àgbò sọ́tọ̀, ó ń sá èèpo kó gbẹ dáadáa, ó sì gbé iyọ̀ sílẹ̀ fún wọn láti máa lá. Abo náà tún lóyún. Ọkùnrin náà padà sóko.

Ìyàwó rẹ̀ kò mọ̀wé, ṣùgbọ́n kò sí ohun tó ṣẹlẹ̀ nínú ilé tó ń bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ọjọ́ tí ọkọ rẹ̀ bá ti oko dé, a fi èédú fa ìlà kan sára ògiri ilé ìdáná. Ọjọ́ tí oyún ẹran bá wálẹ̀, a fi ẹfun fa tirẹ̀. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan tó ń gbálẹ̀, ó gbójú sókè, ó sì dúró. Ìlà funfun mẹ́ta ló wà níbẹ̀. Ìlà dúdú kan ló wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀kọ̀ọ̀kan.

Ó rántí ẹnu ọ̀nà ilé àgùntàn, bó ṣe rí tóóró. Abo yẹn ló mọ ohùn baálé jù, òun ló máa ń kọ́kọ́ dé ẹnu ọ̀nà, ìyókù a sì fún un mọ́ òpó ẹnu ọ̀nà. Bí baálé kò bá sí nílé, ibi mẹ́ta ni ìyàwó máa ń da oúnjẹ sí kó tó ṣílẹ̀kùn, kì í sì í pe ẹran kankan.

Ó lọ dúró de ọkọ rẹ̀ lójú ọ̀nà, ó gba apẹ̀rẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀.

“Bàbá Mojí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má pè wọ́n. Ìpè yín ló ń ba oyún jẹ́.”

Ọkùnrin náà bi í bóyá ẹran òun kò gbọdọ̀ kí òun mọ́ ni.

“Ẹ̀yin kọ́ ni wọ́n ń kí. Èèpo gbágùúdá ni wọ́n ń kí.”

Ó dùn ún. Ìyàwó mú un lọ síbi ògiri ilé ìdáná, ó fi àwọn ìlà hàn án. Ọkùnrin náà wo ògiri náà títí, ó ka àwọn ìlà náà lẹ́ẹ̀mejì, ẹ̀rín sì bọ́ lẹ́nu rẹ̀. Lọ́jọ́ kejì ó wó lára ògiri ilé àgùntàn, ó fẹ ẹnu ọ̀nà. Láti ìgbà náà, ẹ̀yìnkùlé ló ń gbà wọlé bí àlejò tí ojú ń tì. Ó dìgbà tí wọ́n bá jáde tán kó tó lọ bá wọn.

Nígbà tí òjò àkọ́rọ̀ rọ̀, abo náà bí ìbejì, akọ kan, abo kan. Ìyàwó náà wá ohun tí yóò fi fa ìlà ti ọjọ́ náà. Osùn ló fi fa á, méjì gbọọrọ. Ìyá mi àgbà ni ìyàwó náà. Èmi ni mo ń kun ilé náà báyìí, n kì í sì í kun ògiri yẹn.

Olúgbòdé, àbúrò mi, o wá bá mi ṣàròyé pé bí o bá fun fèrè ọ̀kadà rẹ lẹ́nu géètì, ìyàwó rẹ kì í sáré jáde mọ́. Oyún inú rẹ̀ ti pé oṣù méje. Bí o bá délé lónìí, má fun fèrè. Fi ọ̀kadà sílẹ̀ níta, fẹsẹ̀ rìn wọlé, kí o lọ bá a níbi tó jókòó sí. Ìwọ ni kí o kọ́kọ́ kí i.