Igbe Lájídé

Eéwo yọ sí Lájídé lábíyá. Ó gbà pé ẹni tó bá ké jù ni wọ́n ń kọ́kọ́ tọ́jú nílé ìwòsàn, ló bá dijú, ó ń ké, "Mo kú o!"

Nọ́ọ̀sì kọjá lára rẹ̀ lọ bá bàbá kan tó jókòó jẹ́ẹ́, tó ń làágùn, tí kò lè sọ̀rọ̀.

Lájídé la ojú kan. "Nọ́ọ̀sì, mo ṣáájú bàbá onífìlà aró yẹn!"

"Bọ̀dá, bí a bá ń sunkún, a máa ń ríran. Ẹni tó ń kú lọ kì í mọ àwọ̀ fìlà."

Nígbà tí ara bàbá balẹ̀, ó rọra bi nọ́ọ̀sì, "Ta ló ń ké lẹ́ẹ̀kan? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ tètè dá a lóhùn."

Lájídé gbọ́, ó sì gbé igbe tó kù mì.