Garawa Tó Dúró ní Ìdajì Kànga

Fọlárànmí, fìdí lé àga ná. Ọkùnrin agbẹ́kànga kan wà tó ní òṣìṣẹ́ kan ṣoṣo. Òṣìṣẹ́ ló ń wọ inú kòtò lọ gbẹ́lẹ̀, òun ló sì ń kó yẹ̀pẹ̀ sínú garawa. Ọ̀gá á dúró lókè, á máa fi okùn fà á. Bí wọ́n ṣe ń jẹun nìyẹn, ó sì ti pẹ́ tí wọ́n ti ń bá a bọ̀.

Àṣà wọn ni pé bí ilẹ̀ bá ń ṣú tí kànga kò tíì parí, pákó ni wọ́n fi ń bo ẹnu rẹ̀. Bí kò bá sí pákó, wọ́n á ṣẹ́ ẹ̀ka igi, wọ́n á fi dábùú ọ̀nà, kí ẹni tó ń bọ̀ lè mọ̀ pé ihò wà níwájú. Lọ́jọ́ kan, ọ̀gá kó pákó lọ síbi iṣẹ́ mìíràn tó ṣẹ̀ṣẹ̀ gbà. Òṣìṣẹ́ rí i pé pákó kò sí, ṣùgbọ́n ebi ń pa á. Ó ní ta ni yóò tún gba ibẹ̀ kọjá ní ìrọ̀lẹ́ yìí. Kò ṣẹ́ ẹ̀ka kankan, ilé ló gbà lọ.

Obìnrin kan gba ibẹ̀ kọjá. Iṣẹ́ epo pupa ló ń ṣe, ẹsẹ̀ ló sì fi ń tẹ eyìn nínú ẹkù, kòtò tí wọ́n ti ń fún epo. Ó já sínú kànga, itan rẹ̀ sì kán. Dókítà ní àfi kí wọ́n tètè ṣe iṣẹ́ abẹ fún un, kí egungun náà má baà so ní wíwọ́.

Ẹjọ́ dé kóòtù. Ọ̀gá ní, "Mo kọ́ ọ níṣẹ́, olúwa mi. Òun ni kò ṣẹ́ ẹ̀ka." Òṣìṣẹ́ ní, "Ọ̀gá mi ló kó pákó lọ." Òótọ́ ni àwọn méjèèjì sọ. Adájọ́ ní kí wọ́n jọ san owó gbà-má-bínú fún obìnrin náà, kó lè rí i fi ṣe iṣẹ́ abẹ.

Ibi tí ọ̀rọ̀ náà ti dùn mí nìyí. Ọ̀gá délé, ó pín owó náà sí méjì, ó di ìdajì tirẹ̀ sínú àpò, ó jókòó tì í. Ó ní àgbájọ ọwọ́ la fi ń sọ̀yà, pé òun kò ní san kọ́bọ̀ títí òṣìṣẹ́ yóò fi mú tirẹ̀ wá. Òṣìṣẹ́ rèé, kò ní ju ṣọ́bìrì lọ. Wọ́n ń wojú ara wọn, egungun kò sì dúró dè wọ́n.

Nígbà tó yá, ọ̀gá padà lọ fẹjọ́ òṣìṣẹ́ sùn ní kóòtù. Adájọ́ bi í pé, "Bí garawa bá kún nísàlẹ̀, ṣé o máa ń fà á dé ìdajì kànga, kí o so ó rọ̀ síbẹ̀ títí ẹni tó wà nísàlẹ̀ yóò fi gòkè wá fa ìyókù?"

"Rárá, olúwa mi. Èmi ni mo wà lókè, èmi náà ni mo máa ń fà á tán."

"Obìnrin yẹn ló wà nínú garawa. Mo ní kí ẹ jọ san án, n kò ní kó dúró de ẹni tó bá kẹ́yìn nínú yín. Ọwọ́ ẹni tó bá ní in ni yóò ti gba gbogbo rẹ̀. Lẹ́yìn náà, kí ẹ̀yin méjì lọ yanjú ara yín."

Ojú ti ọ̀gá. Ó san gbogbo rẹ̀ lọ́jọ́ kejì, òṣìṣẹ́ sì ń fi iṣẹ́ san ìpín tirẹ̀ padà fún un díẹ̀díẹ̀. Wọ́n ṣe iṣẹ́ abẹ, obìnrin náà dìde, ó ń rìn. Ṣùgbọ́n egungun ti so wọ́ kí wọ́n tó dé ibẹ̀. Ẹ̀bá ẹkù ló ń jókòó sí báyìí, tó ń wo ẹlòmíràn tó ń tẹ eyìn.

Fọlárànmí, n kò sọ pé awakọ̀ rẹ kò jẹ̀bi. Ó sáré, kóòtù sì sọ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ìwọ lo ní kó máa wa ọkọ̀ tí bíréèkì rẹ̀ kò dára, kóòtù sọ ìyẹn náà, ó sì ní kí ẹ jọ san owó ìtọ́jú. Nígbà tí ọkọ̀ yẹn ń pa owó wọlé, n kò gbọ́ kí o ní ìdajì ni tìrẹ. Káfíńtà tí ọkọ̀ rẹ gbá ṣì wà lórí bẹ́ẹ̀dì, apá tó fi ń di òòlù mú ló sì kán. Ìwọ lo wà lókè. Fa okùn náà tán lónìí, lẹ́yìn náà kí o wá pe awakọ̀ rẹ jókòó. Bí a ti wà níbí yìí, egungun apá káfíńtà náà ń so lọ ní wíwọ́.