Àáró Tí Òkété Pè sí Etí Ọ̀sà

"Àlọ́ o!"

"Àlọ̀!"

Àlọ́ mi rìn títí, kò yà sí oko, kò yà sí ọjà, ó lọ dúró sí ẹnu ọ̀nà Òkété. Ẹni tí oorun bá ń kùn, kó wọlé lọ. Èmi ò ní tún un sọ.

Ní ìgbà kan rí, àwọn ẹranko ń gbé ní ìlú kan tí kò jìnnà sí ọ̀sà. Ebi kì í pa wọ́n, nítorí wọ́n ní àáró. Bó bá kan oko ẹnìkan, ó máa ké sí ará ìlú, gbogbo ilé á sì gbé ọkọ́ jáde. Lónìí oko tèmi, lọ́la oko tìrẹ. Ẹni tí wọ́n bá pè kì í béèrè pé níbo ni oko wà. Bó bá béèrè, ojú ọ̀lẹ ni wọn yóò fi wò ó.

Àwẹ̀ró, ìyàwó Ẹtu, mọ àṣà yìí dáadáa. Láàárọ̀ ọjọ́ tí Òkété pe àáró, òun fúnra rẹ̀ ló di ẹ̀kọ tí ọkọ rẹ̀ máa jẹ lóko. Òkété dúró lójúde, ó ń lé orin, wọ́n ń gbè é:

Ẹ gbé ọkọ́, ẹ máa bọ̀,
Àáró yá.
Oko mi ti dìgbẹ́,
Àáró yá.
Ẹ bá mi ro tèmi lónìí,
Àáró yá.
Màá bá yín ro tiyín lọ́la,
Àáró yá.

Ẹ gbè é, ẹ̀yin ọmọdé. Ó dáa bẹ́ẹ̀.

Ohun tí Àwẹ̀ró kò mọ̀ ni pé Òkété kò ní oko kankan. Ọ̀nì, àlejò tó ń tukọ̀ wá láti òdìkejì omi, ti ń ra epo lọ́wọ́ ará ìlú ọjọ́ ti pẹ́, iyọ̀ àti aṣọ ló fi ń pààrọ̀. Ní ọjọ́ kan ó tẹ́ aṣọ àrán pupa kan síwájú Òkété.

"Epo kọ́ ni mo ń wá mọ́," Ọ̀nì wí. "Oko mi lọ́hùn-ún pọ̀, kò sọ́wọ́ tó máa ro ó. Bá mi wá ọwọ́."

"Ọwọ́ mélòó?"

"Iye tí aṣọ yìí bá tó lójú rẹ."

Òkété fọwọ́ pa àrán náà. Ó jọ̀lọ̀. Kò rò ó lẹ́ẹ̀mejì.

Báyìí ni Ẹtu, Ìgalà, àti Ọ̀yà pẹ̀lú ọmọ rẹ̀ méjì ṣe dé etí ọ̀sà. Òkété ní òdìkejì ni oko òun wà, kí wọ́n wọ ọkọ̀ Ọ̀nì. Wọ́n wọ̀ ọ́, tàwọn ti ọkọ́ wọn. Ìgbà tí ọkọ̀ dé àárín omi ni wọ́n tó rí ẹ̀wọ̀n.

Ọjọ́ mẹ́ta, ọjọ́ méje, wọn kò dé. Òkété wá ń lọ láti ilé dé ilé, ó wọ àrán, ó gbé apẹ̀rẹ̀ iyọ̀ lọ́wọ́. "Iṣẹ́ ọ̀hún ló pọ̀. Wọ́n ní kí n kí yín. Iyọ̀ tí wọ́n fi ránṣẹ́ nìyí." Ará ìlú fi iyọ̀ sọbẹ̀, wọ́n jẹ ẹ́, wọ́n pọ́n ìka lá. Ó dùn mí láti sọ ọ́, ṣùgbọ́n wọ́n jẹ ẹ́. Nígbà tí Òkété tún pe àáró, wọ́n tiẹ̀ ń du ẹni tí yóò ṣáájú.

Àwẹ̀ró nìkan ni kò fọwọ́ kan iyọ̀ tirẹ̀.

"Ẹ ṣeun, bàbá," ó wí fún Òkété. "Àrokò dà?"

"Àrokò kẹ̀, ìyàwó wa?"

"Olówó orí mi kì í ránṣẹ́ lásán. Ibi yòówù kó lọ, ó máa ń so owó ẹyọ mọ́ okùn fún mi."

"Háà, ó so ó. Ilé ni mo gbàgbé rẹ̀ sí."

Òkété sáré délé, ó wá okùn, ó wá owó ẹyọ méjì, ó so wọ́n pọ̀. Kò sẹ́ni tó ń retí rẹ̀ rí, nítorí náà kò fi àrokò ránṣẹ́ sí ẹnikẹ́ni rí. Ó gbé e fún Àwẹ̀ró tẹ̀ríntẹ̀rín.

Àwẹ̀ró wò ó. Ẹyọ méjèèjì kọ ẹ̀yìn síra wọn. Ẹ̀yin àgbà mọ̀ ọ́n. Bí wọ́n bá kọjú síra, ojú rẹ ni mo fẹ́ rí. Bí wọ́n bá kọ̀yìn síra, ìjà ti dé, má jẹ́ kí n rí ọ mọ́. Ẹ̀rù bà á ju bí ó ti ń bà á tẹ́lẹ̀ lọ.

"Ọkọ mi kò bá mi jà," ó wí. "Ẹni tó so èyí kò mọ àrokò. Ìwọ lo so ó."

Kò pe Òkété ní ìwọ rí. Ó gbé okùn náà jáde, ó ń fi han ilé kọ̀ọ̀kan. Àwọn tó jẹ iyọ̀ wolẹ̀. Lẹ́yìn náà wọ́n yọ àdá, wọ́n kọrí sí ilé Òkété.

Òkété ti gba ihò ẹ̀yìn sá lọ bá Ọ̀nì. "Gbà mí, ẹlẹgbẹ́ mi nínú òwò."

"Òwò wo?" Ọ̀nì dáhùn. "Nílé wa, a ti fòfin de títa ẹranko. Ìwà burúkú gbáà ni." Àṣé ọwọ́ ti pọ̀ tó lóko rẹ̀, epo ló tún kù tó ń wá. Ó bọ́ àrán lára Òkété, ó fi ẹ̀wọ̀n dè é, ó sì wọ́ ọ padà sílùú.

Ọ̀nì ri àsíá sójúde. Ó ní òun wá gbà wọ́n ni, òun á jókòó díẹ̀ kí ìlú lè rójú. Wọ́n pàtẹ́wọ́. Wọ́n ní kí Òkété máa fọ́ òkúta, wọ́n ń fi í ṣe yẹ̀yẹ́. Kò pẹ́ tí Ọ̀nì náà fi pe àáró. Kí gbogbo ilé wá la ọ̀nà láti igbó ọ̀pẹ dé etí omi, kí epo lè tètè dénú ọkọ̀. Wọ́n bi í pé ìgbà wo ni yóò wá ro tiwọn. Ó ní wọn ò tíì san owó orí, iṣẹ́ náà ni wọn yóò fi san án. Bí gbogbo wọn ṣe ń fọ́ òkúta lẹ́gbẹ̀ẹ́ Òkété nìyẹn, yẹ̀yẹ́ sì tán lẹ́nu wọn.

Àwẹ̀ró tọ Ọ̀nì lọ. Kò kúnlẹ̀.

"O ní ìwà burúkú ni títa ẹranko."

"Bẹ́ẹ̀ ni."

"Ta ló rà wọ́n?"

Ọ̀nì yíjú sí àwọn tó ń fọ́ òkúta.

"Ọkọ mi wà lóko rẹ. Dá a padà fún mi."

"Ọ̀rọ̀ àtijọ́ nìyẹn," Ọ̀nì wí. "Lọ gbé ọkọ́ rẹ."

Ẹtu kò padà wálé.

Ìdí àlọ́ mi rèé. Ẹni tó ta ará ilé rẹ̀ nítorí aṣọ, ọ̀nà ilé ara rẹ̀ ló fi han ẹni tó rà á. Bí ẹni tó rà á bá sì padà dé, tó ní òun wá ṣe adájọ́ yín, ẹ kọ́kọ́ bi í léèrè àwọn tó kó lọ.